Gerlinde Piontek, Obìnrin Tó Dìde Kúrò Nídìí Ọtí

Ó lé ní ogún ọdún tí mo fi gé fíìmù, tí mo sì ń tò ó pọ̀, fún akọ̀ròyìn Gerlinde Piontek ní iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n wa ní Köln, títí di òní olónìí, bí mo bá rántí obìnrin náà, orí mi a wú. Kì í ṣe pé ó ga, kì í sì í ṣe pé ohùn rẹ̀ ń dún bí ààrá. Obìnrin kúkúrú ni, irun rẹ̀ kò gbọ́ ti kóòmù, bí àwọn tó ń ṣe wá lóge bá sì kun àtíkè fún un tán, á ti fi ọwọ́ nù ún kó tó dé iwájú kámẹ́rà. Ará Köln sì lèmi, Marlies, ẹnu wa kò mọ ọ̀gá. Lọ́dọọdún, kí Ààwẹ̀ Lẹ́ǹtì tó wọlé, àwa obìnrin ìlú yìí máa ń fi sísọ́ọ̀sì gé táì àwọn ọkùnrin ńláńlá ní gbangba, a ó sì fẹnu kò wọ́n lẹ́nu láti fi tù wọ́n nínú. Mo ti gé táì ọ̀gá àgbà wa rí. Èèyàn tó lè mú kí irú mi dákẹ́ kí n máa wo òun, ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe jẹ́ fún yín.

Altenrade ni wọ́n bí i sí, ìlú irin, níbi tí èéfín kì í jẹ́ kí aṣọ funfun pẹ́ lórí okùn. Ìdí ìléru, iná ńlá tí wọ́n fi ń yọ́ irin, ni bàbá rẹ̀ ti ṣiṣẹ́, ibẹ̀ ni bàbá bàbá rẹ̀ gbà lọ nígbà tó ti ilẹ̀ Poland dé, Norbert ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sì wọ ibẹ̀ bó ṣe ń jáde níléèwé. Gerlinde nìkan ló yà, tó lọ kẹ́kọ̀ọ́ nípa ọrọ̀ ajé. Ó ń ta búrẹ́dì láàárọ̀, ó ń lọ sí yunifásítì lọ́sàn-án. Rédíò ló ti bẹ̀rẹ̀. Iye tí wọ́n ń ta kábéèjì àti ànàmọ́ lọ́jà ni wọ́n ní kó máa kà, wọ́n ní iṣẹ́ tó yẹ obìnrin nìyẹn. Ó kà á. Àmọ́ kò pẹ́ tó fi ń béèrè lórí afẹ́fẹ́ pé ta ló fowó kún kábéèjì, kí ló dé tí àgbẹ̀ tó gbìn ín kò rí nǹkan mú relé. Àwọn kan ní kí wọ́n lé e, àwọn kan ní kí wọ́n gbé e ga. Bó ṣe bá ara rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n nìyẹn, lórí ètò wa tó ń sọ̀rọ̀ ìṣèlú àti ọrọ̀ ajé.

Ẹni tó ń gé fíìmù máa ń rí ìhòòhò àwọn akọ̀ròyìn ju ìyàwó wọn lọ. Mo mọ ẹni tó ń gbọ̀n, mo mọ ẹni tó ń fi ìbéèrè yangàn. Ìbéèrè àwọn akọ̀ròyìn ọkùnrin ní Bonn nígbà yẹn máa ń gùn bíi rélùwéè tó kó èédú. Kó tó kọjá tán, mínísítà ti gbàgbé ohun tí wọ́n bi í, inú rẹ̀ á sì dùn. Ti Gerlinde kì í rí bẹ́ẹ̀. Á béèrè ọ̀rọ̀ kúkúrú, á wá pa ẹnu dé. Bí ẹni tó bi bá dá a lóhùn tán, kò ní sọ nǹkan kan. Á kàn máa wò ó. Ara ọkùnrin náà kò ní lélẹ̀, á tún fi ọ̀rọ̀ kan kún un, ọ̀rọ̀ tó fi kún un yìí gan-an la sì máa ń gbé sáfẹ́fẹ́. Mo ti rí ọ̀gá báńkì tó fẹnu ara rẹ̀ tú àṣírí ara rẹ̀ lọ́nà yìí, tó sì tún dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti Bonn, torí ibẹ̀ lọ̀rọ̀ wà. Olú-ìlú orílẹ̀-èdè wa nígbà yẹn, ìlú kékeré létí odò Rhein ni, níbi tí mínísítà àti akọ̀ròyìn ti ń ra sọ́séèjì lọ́wọ́ ẹlẹ́ran kan náà. Àwa akọ̀ròyìn la ni gbọ̀ngàn tí ìjọba ti ń dáhùn ìbéèrè. Àlejò wa ni wọ́n. Akọ̀ròyìn ló ń jókòó sáàárín tábìlì, òun ló ń pe ẹni tó kàn, àlejò kò sì lè dìde títí ìbéèrè á fi tán. Òfin mìíràn tún wà, ọ̀nà mẹ́ta ló sì pín sí. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá sọ lábẹ́ ìkíní, gbé e jáde, dárúkọ ẹni tó sọ ọ́. Lábẹ́ ìkejì, gbé e jáde, má dárúkọ. Lábẹ́ ìkẹta, gbé e mì. Kò gbọdọ̀ dé ìwé ìròyìn, kò gbọdọ̀ dé etí ìyàwó. Ẹni tó bá tú ti ìkẹta, ó parí fún un ní Bonn, kò sí ẹni tó máa dá a lóhùn mọ́.

Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ìyẹn ni wọ́n ṣe ń lọ sínú yàrá ẹ̀yìn ilé ọtí láti lọ gbọ́ ti ìkẹta. Ẹgbẹ́ kan wà tí wọ́n ń pè ní Ẹgbẹ́ Ààrò, nítorí ààrò alámọ̀ àtijọ́ kan tó wà nínú yàrá yẹn. Ọkùnrin ni gbogbo wọn, olórí wọn ni Dókítà Hagedorn, àgbà akọ̀ròyìn ìwé ìròyìn kan, tó máa ń wọ wésíkóòtì, tó ń pe obìnrin tó ti lé lógójì ọdún ní omidan. Ó pẹ́ kí wọ́n tó gba Gerlinde wọlé. Nígbà tí wọ́n gbà á, a ra wáìnì, a mu ún nínú yàrá ìgéfíìmù. Ẹ ò lè mọ ohun tó jẹ́. Ilẹ̀kùn tó ti ń kàn fún ọdún pípẹ́ ni wọ́n ṣí fún un.

Ìgbà ìwọ́wé ọdún kejì ni ọ̀rọ̀ Altenrade dé. Ilé-iṣẹ́ irin náà ní ọjà kò yá. Wọ́n ní bí àwọn òṣìṣẹ́ bá lè yọ̀ǹda owó ọdún Kérésì wọn, ti ọdún yìí àti ti àwọn ọdún tó ń bọ̀, àwọn á jẹ́ kí ìléru máa jó. Àwọn òṣìṣẹ́ á sì dìbò kí Kérésì tó dé. Bẹ́ẹ̀ owó Kérésì yìí ni wọ́n fi ń ra bàtà ọmọ, òun ni wọ́n fi ń ra èédú tí wọ́n á fi yáná lẹ́yìn ọdún. Ṣùgbọ́n ta ni kò ní fi bàtà gba ìléru là? Norbert wà lára àwọn tó ń lọ láti ẹnu ilẹ̀kùn dé ẹnu ilẹ̀kùn, tó ń bẹ àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ pé kí wọ́n dìbò bẹ́ẹ̀ ni.

Ọ̀sẹ̀ yẹn kan náà ni Ọ̀gbẹ́ni Oberhoff, igbákejì mínísítà kan, wá sí Ẹgbẹ́ Ààrò. Hagedorn fúnra rẹ̀ ló sọ ọ́ fún mi nígbà tó yá. Wọ́n ti jẹun tán, wọ́n ti gbé bíà síwájú. Oberhoff tú bọ́tìnì kóòtù rẹ̀, ó ní, "Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ó ku ti Altenrade. Lábẹ́ ìkẹta o." Gbogbo wọn sún àga mọ́ tábìlì. Gerlinde gbé báàgì rẹ̀, ó dìde.

Òfin gbà á láyè. Ẹni tí kò bá fẹ́ kí wọ́n di ẹnu òun lè jáde kí ọ̀rọ̀ tó bọ́. Àmọ́ kò sí ẹni tó rántí ìgbà tí ẹnì kankan ṣe é gbẹ̀yìn. Ta ló máa débi oyin tí yóò padà sẹ́yìn?

Hagedorn rẹ́rìn-ín. "Omidan Piontek, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ wà lápá òsì."

"Mo mọ̀ ọ́n, Dókítà," ni Gerlinde wí. "Ilé ni mò ń lọ."

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí tó fi ti ilẹ̀kùn. Hagedorn ní òun náà rẹ́rìn-ín, ó ní ẹ̀rín náà korò lẹ́nu òun nígbà tí Oberhoff wá sọ̀rọ̀ tán.

Nígbà tí Gerlinde sọ fún mi lọ́jọ́ kejì, inú bí mi. Mo ní ṣé orí rẹ̀ pé? Ọdún mélòó la fi kan ilẹ̀kùn yẹn? Mo ní wọ́n gbé òótọ́ síwájú rẹ̀ nínú àwo, ó ní òun ò jẹ. Ó jẹ́ kí n bínú tán. Ó ní bí òun bá gbọ́ ọ lábẹ́ ìkẹta, tí òun tún wá rí i fúnra òun lójú títì, wọ́n á ní ibẹ̀ lòun ti gbọ́ ọ, òun náà ò sì ní lè búra pé kì í ṣe ibẹ̀. Ẹnu òun á di. Ẹni tí kò gbọ́ ló lè wá a. Mo ní bí kò bá wá rí i ńkọ́, tí ìbò dé? Ó ní ìyẹn ni kò jẹ́ kí òun sùn.

Ibi tá a ti ń sọ ọ́ lọ́wọ́ ni fóònù dún nínú yàrá ìgéfíìmù. Norbert ni. Ó ń pariwo nítorí ariwo ilé-iṣẹ́, mo ń gbọ́ gbogbo ohun tó ń sọ.

"Gerlinde, ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń bá àwọn ìjọba mu bíà. Àwọn kan níbí ń sọ pé ẹ̀tàn ni. Ṣé ìléru yìí máa wà?"

"Mi ò mọ̀, Norbert."

"Ṣé o ò mọ̀ ni, àbí o ò fẹ́ sọ?"

"Mi ò mọ̀."

"Ó dáa. Bí ìwọ náà ò bá mọ̀, a jẹ́ pé kò sí nǹkan kan nínú ẹ̀. Màá sọ fún wọn kí wọ́n dìbò bẹ́ẹ̀ ni."

Ó gbé fóònù sílẹ̀. Gerlinde gbé tirẹ̀ náà kalẹ̀. Bí a bá sọ̀kò sọ́jà, ará ilé ẹni ní í bà, ṣùgbọ́n òkò tí Gerlinde kò tíì jù yìí náà ti ba ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

Ó ronú kan bíríkì. Mo rẹ́rìn-ín nígbà tó kọ́kọ́ sọ ọ́. Ó ní inú ìléru kì í ṣe irin, bíríkì ni wọ́n fi tẹ́ ẹ, iná a sì máa jẹ bíríkì náà díẹ̀díẹ̀ títí wọ́n á fi pa ìléru kí wọ́n tún inú rẹ̀ kọ́. Lọ́dún tí wọ́n bá ń tún un kọ́, bàbá wọn a máa ti ibi iṣẹ́ dé pẹ̀lú eruku funfun nínú ìpéǹpéjú. Ti Altenrade sì ti tó àtúnkọ́ lọ́dún tó ń bọ̀. Bíríkì irú yẹn kì í ṣe ohun tí wọ́n ń rà ní ṣọ́ọ̀bù. Ó máa ń pẹ́ kí wọ́n tó sun ún jinná. Ẹni tó bá fẹ́ kí ìléru rẹ̀ wà, bíríkì rẹ̀ gbọ́dọ̀ ti wà nínú iná báyìí. Ẹ̀rín mi gbẹ. Gbogbo àwọn onímọ̀ ọrọ̀ ajé tó ń jà lórí ètò wa, kò sí ẹni tó sọ̀rọ̀ bíríkì rí.

Abéèrè kì í ṣìnà. Ó béèrè títí ó fi dé ilé bíríkì kan lórí òkè Westerwald, òun àti oníkámẹ́rà wa. Mi ò bá wọn lọ, ṣùgbọ́n mo ti wo fíìmù náà débi pé mo lè sọ ọ́ lórí. Ọ̀gbẹ́ni Stüber ló ni ibẹ̀, ọkùnrin onítìjú kan tó wọ kóòtù ọjọ́ Ìsinmi nítorí kámẹ́rà. Òjò ń rọ̀. Ó dúró níwájú ilé ìsunbíríkì ńlá kan tí kò sí iná nínú rẹ̀. Gerlinde bi í bóyá ibẹ̀ ni bíríkì Altenrade wà. Ó ní ibẹ̀ ló yẹ kó wà, àmọ́ wọ́n ti ní kí òun dá iṣẹ́ dúró láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn.

"Wọ́n sọ ìdí rẹ̀ fún yín?"

"Rárá. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ máa gbénú ilé, kì í lé oníbíríkì lọ."

 Gerlinde ń wò ó bó ṣe máa ń wò wọ́n. Òjò ń kán sára fìlà Stüber. Ó yí ojú sí ilé ìsunbíríkì tó ṣófo náà, ó tún yí i padà.

"Mo rò pé wọ́n á ti sọ fún àwọn òṣìṣẹ́," ló wí.

Nígbà tí mo gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn nínú yàrá mi, mo dá ẹ̀rọ dúró, mo jáde lọ mu sìgá. Mo ń ronú nípa Norbert tó ń kan ilẹ̀kùn kiri.

Ọ̀gá wa wo fíìmù náà, ó ní kò tó. Ó ní ẹnì kan tí wọn ò gbéṣẹ́ fún mọ́ lè máa bínú lásán ni, ó ní kí ìjọba sọ̀rọ̀ lábẹ́ ìkíní, ní gbangba. Ọjọ́ kejì Oberhoff jẹ́ àlejò wa ní gbọ̀ngàn, nítorí ọ̀rọ̀ owó bọ́tà àti wàrà ilẹ̀ Yúróòpù. Ọ̀túnla sì ni ìbò.

Ẹni tó jókòó sáàárín tábìlì lọ́jọ́ náà tó ń pe àwọn oníbéèrè ni Hagedorn. Ẹ wo bí ayé ṣe rí. Gbogbo Ẹgbẹ́ Ààrò pé sínú gbọ̀ngàn, wọ́n mọ̀ ọ́n, kò sì sí ọ̀kan nínú wọn tó lè la ẹnu. Wọ́n sọ̀rọ̀ bọ́tà títí. Gerlinde wá nawọ́.

"Ọ̀gbẹ́ni Oberhoff, wọ́n ti dá bíríkì ìléru Altenrade dúró láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. Lọ́jọ́ Ẹtì, àwọn òṣìṣẹ́ fẹ́ dìbò yọ̀ǹda owó Kérésì wọn kí ìléru náà lè wà. Ṣé ìjọba mọ̀ pé ó máa wà?"

Oberhoff ní ọ̀rọ̀ ilé-iṣẹ́ aládàáni nìyẹn, ìjọba kì í dá sí i.

"Mi ò béèrè bóyá ẹ dá sí i. Ṣé ẹ mọ̀?"

Ó wá dákẹ́. Nínú fíìmù, ẹ máa rí i tó gbé ojú sókè tó ń wá àwọn tó sọ ọ́ fún kiri inú gbọ̀ngàn, lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹni tí ojú rẹ̀ bá bà lé á tẹrí ba. Ọ̀kan ń nu awò ojú rẹ̀. Ọ̀kan ń wá nǹkan tí kò sọnù nínú báàgì. Gerlinde ò wo ẹnikẹ́ni nínú wọn. Oberhoff lòun ń wò. Nígbà tí kò rí olùgbàlà, ó yíjú sí Hagedorn tó jókòó tì í, ó mi orí díẹ̀, pé kó pe ẹni tó kàn.

Gbogbo ohun tí Hagedorn ní láti ṣe ni kó pe orúkọ mìíràn. Àwọn tó fẹ́ sọ̀rọ̀ bọ́tà ṣì nawọ́ sókè. Ó fa wésíkóòtì rẹ̀ wálẹ̀.

"Ìbéèrè Ìyáàfin Piontek ṣì wà nílẹ̀," ló wí.

Kò tú àṣírí kankan, kò rú òfin. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ò sì ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àmọ́ lọ́jọ́ náà ni mo kọ́kọ́ gbọ́ tó pè é ní ìyáàfin.

Oberhoff wo tábìlì. Ó ní, ohùn rẹ̀ ò sì jáde dáadáa, "Mi ò lè sọ fún àwọn òṣìṣẹ́ pé ìléru náà máa wà."

Ọ̀gá wa ní kí n gé ìdákẹ́jẹ́ náà kúrú, ó ní àwọn èèyàn á rò pé tẹlifíṣọ̀n wọn ti bàjẹ́. Mo ní bó bá fọwọ́ kàn án, kì í ṣe táì nìkan ni màá gé lọ́dún tó ń bọ̀. A gbé e sáfẹ́fẹ́ bó ṣe wà: Stüber nínú òjò, àti gbogbo àwọn orí tó ń tẹ̀ ba ní gbọ̀ngàn. Àwọn ará Altenrade ní ìlú wọn pa lọ́lọ́ lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Lọ́jọ́ Ẹtì, wọ́n dìbò rárá.

Òótọ́ ọ̀rọ̀ bí ìsọkúsọ. Àwọn kan sọ òkò sí fèrèsé ìyá Gerlinde, wọ́n ní ọmọ rẹ̀ ló pa ìléru. Nígbà tí wọ́n sì pa ìléru náà nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tó tẹ̀ lé e, owó Kérésì wọn wà lọ́wọ́ wọn, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ sì ti rí àyè bá ilé-iṣẹ́ jà fún owó ìdágbére tó nítumọ̀. Àmọ́ láàárín àkókò yẹn, Norbert kò bá àbúrò rẹ̀ sọ̀rọ̀, ó gbà pé ó ti mọ̀ lọ́jọ́ tí òun pè é.

Ìyá wọn ló fi ipá pè wọ́n jọ lọ́jọ́ kejì Kérésì ọdún tí wọ́n pa ìléru náà. Gerlinde ní kí n bá òun lọ, mo rò pé ẹ̀rù ń bà á. Ehoro ni màmá sè, pẹ̀lú ànàmọ́ rogodo àti kábéèjì pupa. A ń jẹun, ṣíbí nìkan ló ń sọ̀rọ̀. Mi ò lè fara dà á. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún Norbert, látorí Ẹgbẹ́ Ààrò, bí wọ́n ṣe gbé ọ̀rọ̀ náà dé ẹnu ilẹ̀kùn etí Gerlinde tó sì dìde, tí wọ́n sì ń fi í rẹ́rìn-ín. Mo rò pé mò ń gbèjà rẹ̀ ni.

Norbert fi fọ́ọ̀kì sílẹ̀.

"Ká ní o jókòó ńkọ́?"

"Ǹ bá ti mọ̀," ni Gerlinde wí.

"Tí mo bá wá pè ẹ́ lọ́jọ́ kejì?"

"Ǹ bá ní mi ò mọ̀."

"Fún èmi?"

"Fún ìwọ, Norbert. Ǹ bá ti ṣèlérí. Mo mọ ara mi. Ǹ bá wá síbí lọ́jọ́ Ìsinmi, ǹ bá jókòó ní ìjókòó yìí, ǹ bá jẹ oúnjẹ màmá, ǹ bá sì máa wò ẹ́ títí wàá fi lọ dìbò." Ó ti àwo rẹ̀ sẹ́yìn. "Ẹ̀rù ara mi ló bà mí tí mo fi dìde."

Ọwọ́ màmá dúró lórí ìkòkò.  Gbogbo ọdún tí mo ti ń bá obìnrin yìí ṣiṣẹ́, mo rò pé torí kó lè sọ ọ́ ni kò ṣe fẹ́ gbọ́ ọ. Ìgbà yẹn ló yé mi pé ó mọ̀ pé bí òun bá ti ṣèlérí, ẹnu òun kò ní là mọ́, ó sì mọ ẹni tí ì bá san owó rẹ̀.

 Norbert na ọwọ́ kọjá lórí tábìlì, ó gbé àwo Gerlinde, ó bu ẹran sí i.

"O ṣeun tí o dìde," ló wí.